Ṣé O Mọ̀? Gẹdú Igbó Ọba Mọ Olúwa Rẹ̀

Ṣé o mọ̀ pé àwọn igi kan wà láyé àtijọ́ tí wọ́n fi àáké sàmì ọba sí lára? Nígbà tí ọba Gẹ̀ẹ́sì ṣì ń ṣàkóso New Hampshire ní Amẹ́ríkà, igi páìnì tó bá tóbi tó, òpó ọkọ̀ ogun ojú omi ọba ni. Ojú àáké mẹ́ta ni wọ́n ń ṣá sí i lára, á dà bí orí ọfà. Ní 1772, wọ́n bá irú gẹdú bẹ́ẹ̀ ní sọ́míìlì nílùú Weare. Nígbà tí aláṣẹ wá mú ẹni tọ́rọ̀ kàn, àwọn ará ìlú ká aláṣẹ náà mọ́ ilé tó sùn sí ní kùtùkùtù, wọ́n sì nà án: pàṣán kan fún igi kan. Ilé-ẹjọ́ bu owó ìtanràn lé mẹ́jọ nínú wọn, ṣílè 20 lórí ẹnì kọ̀ọ̀kan.

Ṣé o mọ̀ pé ilẹ̀ wa náà ní àmì tirẹ̀? Òòlù tí wọ́n gbẹ́ àmì sí lójú ni àwọn òṣìṣẹ́ igbó ọba fi ń lu gẹdú tí wọ́n bá gbàṣẹ gé. Igbó ọba kì í ṣe nǹkan tuntun nílẹ̀ wa: àtọdún 1899 ni wọ́n ti ya igbó ọba Olókèméjì sọ́tọ̀, láàárín Ìbàdàn àti Abẹ́òkúta.

Ṣé o mọ̀ pé òfin tí Amẹ́ríkà ṣe nítorí igi ọkọ̀ ogun ló wá di ààbò fún gbogbo igi orí ilẹ̀ ìjọba? Òfin 1831 ní kí ẹni tó bá gé e láìgbàṣẹ san ìlọ́po mẹ́ta iye rẹ̀ ó kéré tán, kó sì tún ṣẹ̀wọ̀n. Ẹnì kan gé igi ní Michigan lórí ilẹ̀ ìjọba tí kò sí lára èyí tí wọ́n yà sọ́tọ̀ fún ọkọ̀ ogun. Ǹjẹ́ òfin náà kàn án? Ní 1850, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jù Lọ ní ó kàn án.

Ṣé o mọ̀ pé ẹni tó ra igi olè láìmọ̀ lè san ju ohun tí igi náà tó nínú igbó lọ? Àwọn kan jí gẹdú gé ní Wisconsin, lórí ilẹ̀ tí ìjọba yà sọ́tọ̀ fún àwọn ẹ̀yà Oneida. Nínú igbó, gbogbo rẹ̀ kò ju nǹkan bí dọ́là 60 lọ. Nígbà tó dé ìlú, tí ilé-iṣẹ́ kan rà á, ó ti di dọ́là 850. Ìjọba pẹjọ́. Ní 1882, ilé-ẹjọ́ ní kí ilé-iṣẹ́ náà san 850 pé. Ìdí ni pé, bí wọ́n bá gba 60, wọ́n ti sanwó iṣẹ́ fún olè nìyẹn. Àwọn àgbà ní ẹni tó gbépo lájà kò jalè bí ẹni tó gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Ilé-ẹjọ́ kò pe oníbàárà yìí lólè, síbẹ̀ ó san án.

Ṣé o mọ̀ pé ìwé atúmọ̀ èdè ti gba igbó là rí? Ọkùnrin kan ní Íńdíà, T.N. Godavarman Thirumulpad, pẹjọ́ ní 1995 nítorí igi tí wọ́n ń gé ní agbègbè Nilgiris. Ní December 12, 1996, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jù Lọ ní ohunkóhun tí ìwé atúmọ̀ èdè bá pè ní igbó, igbó ni, ẹni yòówù tó ni ín. Igi gígé dúró káàkiri orílẹ̀-èdè náà, àfi níbi tí ìlànà ìjọba bá ti fàyè gbà á.

Ṣé o mọ̀ pé àyẹ̀wò DNA tí a fi ń mọ bàbá ọmọ, òun náà ni wọ́n fi mọ kùkùté igi? Ní ìpínlẹ̀ Washington, ọkùnrin kan ta gẹdú mápù, irú èyí tí wọ́n fi ń ṣe gìtá, ó ní orí ilẹ̀ aládàáni lòun ti gé e. Àwọn onímọ̀ fi pákó náà wé kùkùté mẹ́ta nínú igbó Olympic tí ìjọba ni. Ọ̀kan náà ni wọ́n. Ní 2021, ilé-ẹjọ́ dá a lẹ́bi olè, wọ́n sì rán an lẹ́wọ̀n oṣù 20. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí DNA igi jẹ́rìí nínú irú ìgbẹ́jọ́ bẹ́ẹ̀ ní ilé-ẹjọ́ ìjọba àpapọ̀ Amẹ́ríkà.

Ìṣẹ́jú díẹ̀ ni ẹ̀rọ ayùn fi ń gbé igi ọgọ́rùn-ún ọdún ṣubú, kò sì sí owó ìtanràn tó lè gbé e dìde. Nítorí náà, bí o bá tún lọ ra pákó, béèrè kí o tó sanwó: igbó wo ló ti wá, ìwé rẹ̀ dà?