Irú àti Maggi: Iṣẹ́ Kan Náà Ni
Tí o bá sọ̀kalẹ̀ lábẹ́ bíríìjì Ṣàngó-Ọ̀tà tí o gba inú ọjà, imú rẹ ni yóò júwe ìsọ̀ oníirú fún ọ. Irú wóró wà nínú ọpọ́n, irú pẹ̀tẹ̀ wà nínú ọ̀rá, Maggi sì wà nínú páálí lórí àtẹ kan náà. Àwọn kan a máa sọ pé ọ̀tá ara wọn ni wọ́n. Kò rí bẹ́ẹ̀.

Kóró inú èso igi igbá ni irú. Wọ́n á sè é mọ́jú, wọ́n á tẹ̀ ẹ́ kí èèpo lè bọ́, wọ́n á ṣan án, wọ́n á tún un sè, wọ́n á wá dà á sínú apẹ̀rẹ̀ ní gbígbóná, kí wọ́n bò ó pinpin fún ọjọ́ méjì tàbí mẹ́ta. Inú ooru yẹn ni kòkòrò àìfojúrí tó ń jẹ́ Bacillus ti máa ń fọ́ èròjà a-mú-ara-dàgbà inú kóró náà sí wẹ́wẹ́. Ọ̀kan lára wẹ́wẹ́ yìí ni glutamate, tí ahọ́n bá ti kàn án, a ní ọbẹ̀ dùn. Òórùn rẹ̀ náà, ẹ má bínú, iṣẹ́ kòkòrò yìí ni.

Ní 1908, Kikunae Ikeda, ará Japan, yọ glutamate yìí kan náà lára ewéko inú òkun. Ibẹ̀ ni Ajinomoto ti wá. Òun náà ló wà nínú Maggi tí Nestlé ń ṣe ní Flowergate, lẹ́bàá Ṣágámù, nínú ìpínlẹ̀ Ògùn wa níbí. Iyọ̀ ni ìyàtọ̀: òun ló pọ̀ jù nínú Maggi, òun sì ni kí ẹni tó ní ẹ̀jẹ̀ ríru máa ṣọ́. Irú fúnra rẹ̀ kò ní iyọ̀ tó bẹ́ẹ̀, àmọ́ àwọn tó ń tà á máa ń bu iyọ̀ sí i kó má baà bàjẹ́. Ṣan án dáadáa. Tó o bá sì ní ẹ̀jẹ̀ ríru, má torí irú pa oògùn dókítà tì.

Efinrin tí a tún máa ń já sọ́bẹ̀ ńkọ́? Já ewé kan, fọwọ́ rún un, gbóòórùn rẹ̀: bí táìmù inú agolo ló rí, torí thymol wà nínú àwọn méjèèjì. Iná tó bá pẹ́ máa ń lé òórùn yìí lọ, ìdí nìyí tí wọ́n fi ń já efinrin sọ́bẹ̀ nígbà tó bá kù díẹ̀ kó jinná. Irú ní tiẹ̀, inú epo gbígbóná ni kó kọ́kọ́ wọ̀, pẹ̀lú àlùbọ́sà, kí ata tó dé.

Nílé tèmi, láti ìgbà tí irú ti ń wọ ẹ̀fọ́, ẹyọ Maggi kan ti tó ìkòkò tó ń gba mẹ́ta tẹ́lẹ̀.