Ìgbẹ́jọ́ Tí Ó Tọ́ Nínú Gbígba Gbèsè Ẹgbẹ́ Alájẹṣẹ́kù

Òpó méjì ni ìgbẹ́jọ́ tí ó tọ́ dúró lé. Èkíní ni pé kí a gbọ́ tẹnu ẹni tí a fẹ̀sùn kàn kí a tó dá a lẹ́bi. Àwọn àgbà ti fi èyí hàn nígbà tí wọ́n ní agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà ni. Èkejì ni pé kí ẹni tí ọ̀ràn kàn má ṣe jókòó sórí àga onídàájọ́. Ète àpilẹ̀kọ yìí ni láti fi hàn bí òpó méjèèjì ti lè mì nígbà tí ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù bá ń gba gbèsè, àti ìdí tí ìyà rẹ̀ fi ń kọ́kọ́ jẹ onídùúró.

Láyé àtijọ́, ọ̀nà líle ni a ń gbà sin gbèsè nílẹ̀ Yorùbá. Samuel Johnson ṣàlàyé nínú ìwé ìtàn rẹ̀, tí a tẹ̀ ní 1921, bí ológò ti ń wọ ilé ajigbèsè, tí yóò sì máa da ilé náà rú títí owó yóò fi jáde. Àwọn Òṣómàáló ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà náà a máa lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà oníbàárà wọn. Nínú méjèèjì, agbára ni ó ń gba owó. Kì í ṣe ìgbẹ́jọ́.

Òfin ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ti 1935 mú ìlànà mìíràn wá. Ìròyìn tí C. F. Strickland, tí ó ti ṣe Rẹjísírà irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ ní Punjab ní ilẹ̀ Íńdíà, kọ fún ìjọba ní 1934 ni ó ṣíwájú rẹ̀. Nínú ìlànà yìí, tí òfin ìjọba àpapọ̀ ti 1993 náà tẹ̀ lé, aláṣẹ ìjọba tí ń bójú tó àwọn ẹgbẹ́ ni a ń gbé aáwọ̀ lọ bá, kí ó parí rẹ̀ fúnra rẹ̀ tàbí kí ó yan onílàjà. Àǹfààní rẹ̀ hàn gbangba: owó agbẹjọ́rò nìkan lè ju owó tí a yá lọ.

Ṣùgbọ́n kí a wo àpẹẹrẹ kan. Òṣìṣẹ́ kan yá owó, ẹni méjì dúró fún un, ó sì fi iṣẹ́ sílẹ̀ láìsan tán. Ìgbìmọ̀ ẹgbẹ́ kọ̀wé sí akápò ibi iṣẹ́; nígbà tí oṣù parí, onídùúró rí i pé owó rẹ̀ ti dín. Ó lè ní ọ̀rọ̀ púpọ̀ láti sọ: pé òun kọ́ ni ó fọwọ́ sí ìwé náà, pé ó yẹ kí a kọ́kọ́ ka owó ìpamọ́ ẹni tí ó yáwó mọ́ gbèsè náà, pé a kò kọ àwọn owó kan tí a ti san sílẹ̀. Ìwé ìṣirò kò lè sọ ìwọ̀nyí, nítorí ẹni tí ń bèèrè owó ni ó kọ ọ́.

Òpó kejì kò fẹsẹ̀ múlẹ̀ tó. Aláṣẹ tí ń yẹ ìwé ẹgbẹ́ wò, tí ó sì ń fẹ́ kí owó rẹ̀ pé, ni a tún ní kí ó dájọ́. Abala 36 nínú Ìwé Òfin Ìpìlẹ̀ Nàìjíríà ti 1999 gbà kí òfin fún aláṣẹ ìjọba ní irú agbára bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ó fi nǹkan méjì dè é: kí ẹni tí ọ̀ràn kàn lè sọ tẹnu rẹ̀ kí ìpinnu tó wáyé, kí òfin náà má sì sọ ìpinnu aláṣẹ ọ̀hún di àṣekágbá.

Àwọn kan yóò ní ìgbẹ́jọ́ ń fún ajigbèsè láyè láti sá. Òótọ́ díẹ̀ wà nínú rẹ̀, nítorí owó ẹgbẹ́ owó gbogbo ọmọ ẹgbẹ́ ni. Síbẹ̀, ohun tí a ń bèèrè kò pọ̀: ìwé ìkìlọ̀ tí ó ya ojú owó sọ́tọ̀ kúrò lára èlé, ọjọ́ tí ajigbèsè àti onídùúró yóò fèsì, onílàjà tí kò sí nínú ìgbìmọ̀ tí ó fọwọ́ sí owó náà, àti ìpinnu tí a kọ sílẹ̀ pẹ̀lú ìdí rẹ̀. Ní àgbálọgbábọ̀, onídùúró tí a gbọ́ tẹnu rẹ̀ lè san owó kí ó sì tún dúró fún ẹlòmíràn. Èyí tí a já owó rẹ̀ gbà lójijì kò ní dúró fún ẹnikẹ́ni mọ́. Bí kò bá sì sí onídùúró, kò sí ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù.